Ìwé Norman Vincent Peale: ẹ rà á, ṣùgbọ́n ẹ má fo òfin yìí

Orí méjì àkọ́kọ́ nínú The Power of Positive Thinking, ìwé tí Peale, pásítọ̀ ará Amẹ́ríkà, kọ lórí agbára ìrònú rere, ti tó owó tí ẹ máa fi rà á. Àsọtúnsọ ló pọ̀ jù nínú ìyókù.

Òfin mẹ́wàá ló wà níparí orí kìíní, fún ẹni tó máa ń fojú kéré ara rẹ̀. Àwọn òǹkàwé mọ méjì dunjú: kí ẹ máa ka Róòmù 8:31 lẹ́ẹ̀mẹ́wàá lójúmọ́, kí ẹ sì ka Fílípì 4:13 bákan náà. Èyí tó gbọ́n jù ni pé kí ẹ wo ibi tí agbára yín mọ láìtan ara yín jẹ, kí ẹ wá fi ìdá mẹ́wàá nínú ọgọ́rùn-ún lé e. Ìdá mẹ́wàá péré o! Ìlọ́po mẹ́wàá ni àwọn oníwàásù ìwúrí òde òní ń tà fún wa.

Orí kejì ní ẹ̀ẹ̀mejì lójúmọ́, ó kéré tán, kí ẹ máa kó ẹ̀rù, ìkórìíra àti àbámọ̀ dà nù lọ́kàn. Ibi tó ti ń bàjẹ́ mọ́ ọ̀pọ̀ èèyàn lọ́wọ́ nìyí: wọn kì í fi nǹkan mìíràn rọ́pò rẹ̀. Ọkàn kì í ṣófo pẹ́, kí ilẹ̀ tó mọ́, ìdààmú àná á ti padà dé. Lójú ẹsẹ̀ ni kí ẹ fi ìrònú àlàáfíà dí àyè náà. Ó tún ní kí ẹ jókòó jẹ́ẹ́ fún ìṣẹ́jú 15 lójoojúmọ́, láìsọ̀rọ̀, láìkàwé, láìkọ̀wé. Ọdún 1952 ni ìwé náà jáde, kò tíì sí fóònù lápò ẹnikẹ́ni. Ẹ gbé tiyín sí yàrá kejì.

Nínú òfin mẹ́wàá orí kìíní yẹn, èyí tí àwọn èèyàn ń fò ni èyí tó ní kí ẹ wá agbaninímọ̀ràn tó mọṣẹ́, tó lè bá yín wádìí ìdí tí ẹ fi ń ṣe bí ẹ ti ń ṣe. Ìgbésí ayé Peale fúnra rẹ̀ dúró lé e. Ọmọ pásítọ̀ Mẹ́tọ́díìsì ni, wọ́n bí i ní Bowersville, ìpínlẹ̀ Ohio, ní 1898. Ìgbà tó gba ìjọ Marble Collegiate ní Manhattan, nílùú New York, ní 1932, ọrọ̀ ajé Amẹ́ríkà ti dẹnu kọlẹ̀, àwọn tí ọkàn wọn dàrú sì ń wá bá a. Ó rí i pé ìṣòro wọn kọjá ohun tí pásítọ̀ nìkan lè dá gbé, ló bá wá oníṣègùn ọpọlọ, Smiley Blanton, ẹni tí Sigmund Freud, gbajúmọ̀ oníṣègùn tó dá ìmọ̀ ìyẹ̀wò ọkàn sílẹ̀, fúnra rẹ̀ yẹ ọkàn rẹ̀ wò ní Vienna. Ní 1937 wọ́n dá ilé ìtọ́jú sílẹ̀ nínú ṣọ́ọ̀ṣì náà. Ẹni tó bá ń ka ẹsẹ Bíbélì, tí kò wá olùrànlọ́wọ́, ìdajì iṣẹ́ Peale ló mú.

Àléébù ìwé náà kò kéré. "Oníṣòwò kan", "dókítà kan": àwọn ẹlẹ́rìí tí kò lórúkọ ló kún inú rẹ̀, kò sì sí bí ẹ ṣe lè yẹ̀ wọ́n wò. Bí ohun rere tí ẹ yàwòrán rẹ̀ lọ́kàn kò bá ṣẹ, ìwé náà á jẹ́ kó dà bíi pé ìgbàgbọ́ yín ni kò tó. Èyí léwu fún ẹni tí àìsàn ìrẹ̀wẹ̀sì ń bá jà.

Peale náà kò bọ́ nínú ẹ̀rù. Ní 1960 ó bá àwọn pásítọ̀ kan tako John F. Kennedy, tó ń du ipò ààrẹ Amẹ́ríkà, torí pé ọmọ ìjọ Kátólíìkì ni. Ẹni tó ní ká má bẹ̀rù, ẹ̀rù Póòpù bà á! Ariwo náà pọ̀ débi pé ó fẹ́ fipò sílẹ̀, ìjọ rẹ̀ ni kò gbà.

Bí ẹ bá fẹ́ rà á, ẹ kọ́kọ́ wo ojú ewé àkóónú: orí 17 ló yẹ kó ní. Ẹ̀dà tí wọ́n gé kúrú wà lọ́jà.