Ẹ ṣọ́ra fún PS3 tòkunbọ̀ tí wọ́n ti kó géèmù kún

Ẹ̀yin ará Ìbàdàn tí ẹ ń wá PS3 tòkunbọ̀, ìyẹn ẹ̀rọ géèmù PlayStation 3 ti Sony, ẹ jọ̀wọ́, ẹ ṣọ́ra fún oníṣòwò kan ní agbègbè Queen Cinema tí yóò fi géèmù tó kún inú ẹ̀rọ polówó, tí yóò sì torí ìyẹn bu owó gọbọi lé e.

Èyí tó tà fún àbúrò mi ń ṣiṣẹ́ dáadáa títí ó fi pa orúkọ àjèjì kan tó bá lórí ẹ̀rọ náà rẹ́. Kíá ni àgádágodo kékeré yọ sára àwòrán àwọn géèmù náà, kò sì sí èyí tó ṣí mọ́. Nígbà tí a pe oníṣòwò náà, owó mìíràn ló ní ká wá san.

Géèmù tí a bá dáńlóòdù láti PlayStation Store, ìyẹn ilé ìtajà Sony lórí íńtánẹ́ẹ̀tì, kì í dá ṣí fúnra rẹ̀. Láísẹ́ǹsì rẹ̀, tí í ṣe fáìlì kékeré kan, ló ń ṣí i. Abẹ́ orúkọ ẹni tó rà á ni PS3 ń tọ́jú fáìlì yìí sí, wọ́n sì ti so ó mọ́ àkáǹtì onítọ̀hún àti ẹ̀rọ yẹn gan-an, débi pé bí a bá dà á kọ sórí PS3 mìíràn, òfo ni. Bí orúkọ yẹn bá ti lọ, láísẹ́ǹsì bá a lọ nìyẹn, ẹni tó mọ páswọ́ọ̀dù àkáǹtì náà nìkan ló sì lè gba òmíràn. Láti oṣù kọkànlá ọdún 2011 ni Sony ti dín iye PS3 tí àkáǹtì kan lè ṣí géèmù lórí wọn kù láti 5 sí 2. Orúkọ kan náà la sì bá lórí ẹ̀rọ oníbàárà rẹ̀ mìíràn. Ẹ wo iye èèyàn tó lè ti ta àkáǹtì kan ṣoṣo fún!

Kí ẹ tó sanwó, ẹ ní kó fọ́máàtì ẹ̀rọ náà lójú yín, ìyẹn ni pé kó pa gbogbo ohun tó wà nínú rẹ̀ rẹ́, kí ẹ sì san owó ẹ̀rọ nìkan. Géèmù orí díìsìkì kò nílò láísẹ́ǹsì yìí. Ẹni tó bá ti rà á lọ́wọ́ rẹ̀, kó má pa orúkọ yẹn rẹ́, kó má sì fọ́máàtì rẹ̀, títí yóò fi gba owó rẹ̀ padà.