Kámẹ́rà abẹ́ omi fún fíìmù ọ̀sìn ẹja: ẹ wo irú omi tẹ́ ẹ fẹ́ kó wọ̀ kẹ́ ẹ tó rà á

Rọ́bọ́ọ̀tì kámẹ́rà kékeré ni, oníwáyà gígùn. Èèyàn á wà lórí ọkọ̀ ojú omi, á máa fi rìmóòtù darí ẹ̀ nísàlẹ̀. Òun ni mo fi ya ọ̀pọ̀ àwòrán abẹ́ omi nínú fíìmù dọkumẹ́ńtárì tí mo ń ṣe lórí iṣẹ́ ọ̀sìn ẹja. Bó bá jẹ́ inú àgò àwọ̀n tí wọ́n fi ń sin ẹja salmon lójú òkun lẹ fẹ́ lọ, owó yín ò ní ṣòfò. Bó bá jẹ́ adágún ẹlẹ́rẹ̀ tí wọ́n ti ń sin ẹja àrọ̀, ẹ má wulẹ̀ dán an wò. Omi ibẹ̀ rú débi pé ara ẹrẹ̀ ni iná ẹ̀ kàn ń tàn sí, ẹ ò ní rí ìrù ẹja kan. Etí omi ni kẹ́ ẹ dúró sí lásìkò oúnjẹ, kẹ́ ẹ ya ẹnu àti irùngbọ̀n wọn bí wọ́n ṣe ń jà du oúnjẹ.

Ohun tí mo fẹ́ràn jù lára ẹ̀ ni nọ́ńbà kékeré kan lójú ẹ̀rọ, tó ń sọ bí kámẹ́rà ṣe lọ sísàlẹ̀ tó. Ní Norway, tó ń sin salmon ju orílẹ̀-èdè èyíkéyìí lọ, òfin ní ẹja inú àgò kan ò gbọ́dọ̀ ju 200,000 lọ, ìwọ̀n wọn ò sì gbọ́dọ̀ ju kílò 25 lọ nínú kúbíìkì mítà omi kan. Ẹni tó bá ka èyí á rò pé àyè gbà wọ́n dáadáa. Àmọ́ salmon kì í tàn ká inú àgò. Ibi tí ìgbóná omi àti ìmọ́lẹ̀ bá ti tẹ́ wọn lọ́rùn ni wọ́n máa ń kó ara wọn jọ sí, tí wọ́n á máa yí po. Ẹ gbé kámẹ́rà síbẹ̀, ẹ ò ní rí ibi tí ìka máa gbà kọjá. Ẹ sọ̀ ọ́ kalẹ̀ sí i, omi lásán lẹ máa rí. Àgò kan náà, ọjọ́ kan náà! Ẹni tó fẹ́ bú iléeṣẹ́ tó ń sin ẹja náà á rí tiẹ̀ yà, ẹni tí iléeṣẹ́ náà gbéṣẹ́ fún á rí tiẹ̀. Èmi jẹ́ kó lọ látòkè dé ìsàlẹ̀ láìgé fọ́nrán, tí nọ́ńbà ọ̀hún sì ń hàn.

Àwòrán tòsí ẹ̀ dáa. Mo rí iná òkun kan, ìyẹn kòkòrò kékeré tó máa ń jẹ ara ẹja, tó lẹ̀ mọ́ ẹ̀yìn orí salmon, abo ni, okùn ẹyin méjì ń wọ́ tẹ̀ lé e. Ẹ ṣáà máa tan iná, torí àwọ̀ pupa ló kọ́kọ́ ń pòórá nínú omi. Láìsí iná, dúdú ni ojú ọgbẹ́ ẹja máa ń rí. Ariwo mọ́tò ẹ̀ máa ń lé wọn sá níbẹ̀rẹ̀. Ẹ dúró jẹ́ẹ́, wọ́n á padà.

Wáyà yẹn ni mo bá àwọn tó ṣe é jà lé lórí. Ó máa ń há sára okùn àgò, ìyẹn ṣì ṣeé fara dà. Àmọ́ ọgbà ẹja tó mọṣẹ́ ò ní jẹ́ kẹ́ ẹ gbé irinṣẹ́ láti ọgbà mìíràn wọ omi wọn láìfi oògùn fọ̀ ọ́ kó sì gbẹ, torí fáírọ́ọ̀sì máa ń bá irinṣẹ́ tútù rìn. Ẹ rántí ISA, àrùn fáírọ́ọ̀sì tó ń pa salmon, tó bẹ́ sílẹ̀ ní Chile lọ́dún 2007, tó ba òwò salmon wọn jẹ́ gan-an. Kí ló wá dé táwọn tó ṣe kámẹ́rà yìí fi fóòmù sínú róòlù tí wọ́n ń ká wáyà sí? Ó ń fa omi mu, kì í gbẹ bọ̀rọ̀. Mo kọ̀wé sí wọn, wọ́n ní kí n máa fi aṣọ nù ún. Mo ti yọ fóòmù náà jù nù.