Afinimọ̀nà wo lẹ fẹ́ gbà ní Ilé-Ifẹ̀? Ìfiwéra fún ẹni tó fẹ́ ná owó rẹ̀

Ẹ̀ẹ̀mejì ni mo ti sanwó kí wọ́n mú mi rìn kiri ìlú tí wọ́n bí mi sí. Ẹ lè rẹ́rìn-ín, kò burú. Ṣùgbọ́n àwa tá a dàgbà ní Ìlóde, tá a ń gba Lágéré lọ síléèwé lójoojúmọ́, ta ni nínú wa tó ń gbójú sókè wo ilé? Àlejò ló ń wo ilé. Ọkọ̀ ni onílé ń wò.

Ohun kan náà ni ìrìn méjèèjì ń polówó: ẹ wá fẹsẹ̀ rìn, ẹ wá wo bí wọ́n ṣe kọ́ ọgbà Yunifásítì Ifẹ̀ àti àárín ìlú, ẹ sì gbọ́ ohun tí ojú rí lábẹ́ ìjọba ológun. Ọ̀kan jẹ́ ti ilé-iṣẹ́ kan tó ń kó èèyàn wá láti Èkó àti Ìbàdàn. Ìrìn àpapọ̀ ni màá máa pe ìyẹn. Èkejì jẹ́ ti bàbá kan tó ti fẹ̀yìn tì lẹ́nu iṣẹ́ ní yunifásítì, tó ń mú èèyàn mẹ́rin tàbí márùn-ún kiri láàárọ̀ Sátidé. Ìrìn Bàbá nìyẹn. Irú Bàbá yìí ju ẹyọ kan lọ nílùú wa, torí náà ẹ má kọ̀wé sí mi pé kí n fi nọ́ńbà ránṣẹ́. Ẹ bi ẹni tó bá ní òbí tàbí ẹ̀gbọ́n tó ṣiṣẹ́ nínú ọgbà, wọn ó júwe ẹnìkan fún yín.

Mi ò ní sọ pé Ọ̀pá Ọ̀rányàn ga tàbí pé ère Mọrèmi tóbi. Gbogbo ẹni tó ní fóònù ló ti rí wọn.

Àwọn ohun kéékèèké

Owó: ohun tí ìrìn àpapọ̀ gbà lọ́wọ́ mi lé ní ìlọ́po mẹ́ta ti Bàbá, ṣùgbọ́n ọkọ̀, oúnjẹ ọ̀sán àti owó ìwọlé wà nínú rẹ̀. Tẹ́ ẹ bá bá Bàbá lọ, ẹ̀yin lẹ ó sanwó mùsíọ́mù, ẹ̀yin lẹ ó san owó ọkọ̀ láti ọgbà dé Ẹnúwá láàárín ìlú, ẹ̀yin náà lẹ ó ra omi tí Bàbá máa mu.

Ẹsẹ̀: láti géètì dé àárín kámpọ́ọ̀sì kì í ṣe eré. Tí àgbàlagbà tí orúnkún ń dùn bá wà pẹ̀lú yín, ìrìn àpapọ̀ dára jù, torí bọ́ọ̀sì wọn ń tẹ̀ lé yín bí ìyá adìyẹ. Bàbá ti lé ní àádọ́rin ọdún, ó sì ń sáré ju èmi lọ.

Oúnjẹ: ìrẹsì tútù nínú ike lọ́wọ́ àwọn ti Èkó. Bàbá mọ ilé oníyán kan. Mi ò ní sọ ju bẹ́ẹ̀ lọ.

Fọ́tò: kò sí èyí tó máa rán yín létí nínú àwọn méjèèjì pé kẹ́ ẹ kọ́kọ́ gbàṣẹ kẹ́ ẹ tó yọ fóònù ní mùsíọ́mù. Ẹ béèrè fúnra yín.

Ẹnu afinimọ̀nà

Ibí ni mo ti jìyà, ẹ fara balẹ̀ kà á.

Àbúrò bàbá mi, tí gbogbo ilé ń pè ní Bùrọ̀dá Amẹ́ríkà, wálé lẹ́yìn ọdún mọ́kànlá. Ifẹ̀ ló ti kàwé. Ọdún 1976 ló wọlé, nígbà tí orúkọ ilé-ìwé náà ṣì jẹ́ University of Ife. Mo ní kí n ṣe é lálejò bó ti yẹ. Mo sanwó èmi àti ìyàwó mi, mo san ti òun àti ìyàwó rẹ̀, orí mẹ́rin, mo sì san án pé pérépéré ní ọ̀sẹ̀ méjì ṣáájú torí wọ́n ní àyè ń tán. Nígbà tá a débẹ̀, ìdajì bọ́ọ̀sì ló ṣófo.

Ọmọkùnrin tó mú wa kiri múra dáadáa, ó gbé ẹ̀rọ agbóhùnsókè kọ́ èjìká, ẹnu rẹ̀ sì dùn. A dé iwájú Awolowo Hall, ọ̀kan nínú ilé tí àwọn akẹ́kọ̀ọ́ ń gbé, ó ní ibí yìí gan-an ni àwọn sójà Abacha ti yìnbọn pa akẹ́kọ̀ọ́ ní 1981.

Bùrọ̀dá ní, "Jọ̀ọ́, ọmọ mi, ta ló wà lórí àlééfà ní 1981?"

"Abacha ni, sà."

"Shagari ńkọ́?"

"Ìyẹn ti lọ nígbà yẹn, sà."

Ìyàwó Bùrọ̀dá di ọwọ́ ọkọ rẹ̀ mú. Ó mọ ohun tó ń bọ̀.

Ẹ jẹ́ kí n tò ó fún ẹ̀yin tẹ́ ẹ kéré nígbà náà. Ní oṣù kẹfà 1981, alágbádá ló ń ṣèjọba, Shehu Shagari ni ààrẹ. Àwọn akẹ́kọ̀ọ́ tú jáde nítorí ọ̀kan nínú wọn tí wọ́n pa, ọlọ́pàá ló sì yìnbọn lù wọ́n, kì í ṣe sójà. Oṣù kọkànlá 1993 ni Abacha tó gbàjọba, ó sì kú ní oṣù kẹfà 1998. Èyí tó ṣẹlẹ̀ ní Awolowo Hall gan-an, tí àwọn ọmọ ẹgbẹ́ òkùnkùn ti pa akẹ́kọ̀ọ́ márùn-ún, ọjọ́ kẹwàá oṣù keje 1999 ni. Àwọn ológun ti gbé ìjọba sílẹ̀ ní ọ̀sẹ̀ mẹ́fà ṣáájú. Gbogbo rẹ̀ ni ọmọ yìí dà sínú agbada kan, ó dín in pọ̀, ó pè é ní Abacha. Ẹ̀ṣẹ̀ tí Abacha ṣẹ̀ pọ̀ tó fún un. Kí wọ́n má fi ti ẹlòmíràn bù kún un.

Ohun tí Bùrọ̀dá ń dúró dè láti àárọ̀ ni 1978. Ó wà lára àwọn tó rìn lọ́dún yẹn, nígbà tí ìjọba ológun Ọbásanjọ́ fi 50 kọ́bọ̀ kún owó oúnjẹ akẹ́kọ̀ọ́ lóòjọ́, tí gbogbo yunifásítì ń pariwo "Ali Must Go" mọ́ Kọ́nẹ́ẹ̀lì Ahmadu Ali tó jẹ́ kọmíṣánnà ètò ẹ̀kọ́. Ó tiẹ̀ ti pa ìtàn tirẹ̀ mọ́ sẹ́nu, tó bá kàn án kó sọ ọ́. Kò kàn án. Wọ́n ní ká tò fún fọ́tò.

Kò wọ bọ́ọ̀sì padà. A gba kẹ̀kẹ́ lọ sílé kí wọ́n tó dé ààfin. Mo pe ilé-iṣẹ́ náà lọ́jọ́ Ajé, wọ́n ní owó tó ti wọlé kò lè jáde mọ́, ṣùgbọ́n wọ́n lè fún mi ní ẹ̀dínwó nígbà tí mo bá tún ń bọ̀. Nígbà tí mo bá tún ń bọ̀!

Ohun tó jẹ́ kí n gbé ọ̀rọ̀ ẹnu yìí ga ju owó àti ọkọ̀ lọ nìyí. Ẹni tó bá ń wá ìtàn ológun ní Ifẹ̀ kò ní rí ihò ọta lára ògiri. Inú orúkọ ló wà. Fajuyi Hall ń jẹ́ orúkọ Adékúnlé Fájuyì, gómìnà ológun Ìwọ̀-Oòrùn, tí wọ́n pa ní oṣù keje 1966 pẹ̀lú Aguiyi-Ironsi tó gbà lálejò ní Ìbàdàn. Angola Hall àti Mozambique Hall ń jẹ́ orúkọ orílẹ̀-èdè méjì tó gba òmìnira lọ́wọ́ Portugal ní 1975. Orúkọ yunifásítì náà fúnra rẹ̀, Babangida ló yí i padà sí Obafemi Awolowo University (OAU) ní ọjọ́ 12 oṣù karùn-ún 1987, nígbà tí ikú Awólọ́wọ̀ kò tíì ju ọjọ́ mẹ́ta lọ. Títí di òní, Bùrọ̀dá kò gbà pé OAU ni òun ti jáde. Tí afinimọ̀nà kò bá mọ ọdún, bíríkì àti simẹ́ńtì lásán lẹ sanwó láti wò.

Bàbá àti òjò

Oṣù mẹ́ta lẹ́yìn náà ni mo bá Bàbá lọ, èmi nìkan pẹ̀lú ọmọ ìyá mi obìnrin. A dé ibi ilé àwọn Humanities, òjò dé. Mo ní ká sáré wọnú ilé. Bàbá ní, "Ẹ dúró síbi tẹ́ ẹ wà."

Òjò rọ̀, ó rọ̀, ẹ̀kán kan kò kàn wá. Ilé náà dorí kodò: àjà kejì yọ síta ju ti ìsàlẹ̀ lọ, ẹ̀kẹta yọ ju èkejì lọ, títí dé òkè. Èyí tó wà lókè ni agbòòrùn èyí tó wà nísàlẹ̀. Tí oòrùn bá mú, òjìji rẹ̀ ló ń bo yàrá tó wà lábẹ́ rẹ̀, afẹ́fẹ́ ń gba ọ̀dẹ̀dẹ̀ kọjá, ẹ ò sì nílò ẹ̀rọ amúlétutù. Ọ̀pọ̀ ọdún ni mo ti ń kọjá níwájú ilé yẹn. Ọjọ́ yẹn ni mo rí i.

Arieh Sharon, ọmọ Ísírẹ́lì, ló ya àwòrán ọgbà náà. (Ọmọ ẹlẹ́rọ agbóhùnsókè ní òyìnbó Gẹ̀ẹ́sì ni.) Ó kẹ́kọ̀ọ́ ní Bauhaus ní Dessau, Jámánì, láti 1926 sí 1929, ilé-ìwé iṣẹ́ ọnà àti ilé kíkọ́ tó tì pa ní 1933 nígbà tí Hitler dé. Owó kòkó Ìwọ̀-Oòrùn ló gbé iṣẹ́ náà dìde, ṣùgbọ́n nígbà tí yunifásítì kó láti Ìbàdàn wá sí Ifẹ̀ ní 1967, àwọn ológun ti wà lórí àlééfà fún ọdún kan. Bàbá ní abẹ́ sójà ni wọ́n ti kọ́ èyí tó pọ̀ jù nínú ohun tá a ń wò, ẹ sì wò ó, kò jọ bárékè.

Ó wá so ó mọ́ ààfin, ohun tí mi ò retí. Ní 1973, Nàìjíríà já àjọṣe rẹ̀ pẹ̀lú Ísírẹ́lì. Ní 1984, Ọọ̀ni Ṣíjúwadé àti Ẹ́míà Kánò, Ado Bayero, lọ sí Ísírẹ́lì. Nígbà tí wọ́n padà dé, ìjọba Buhari gba ìwé ìrìnnà wọn, ó ní kí kálukú jókòó sí ìlú rẹ̀ fún oṣù mẹ́fà. "Ọba kò gbọdọ̀ jáde nílé nítorí ó lọ sí Ísírẹ́lì," ni Bàbá wí níwájú ààfin, ó sì nawọ́ sí ọ̀nà ọgbà, "ọmọ Ísírẹ́lì ló sì ya ilé tí àwọn ọmọ wa ń kàwé nínú rẹ̀."

Ní mùsíọ́mù, kò sọ púpọ̀. Ó ní ní 1938, ẹni tó ń gbẹ́ ìpìlẹ̀ ilé ní agbolé Wúnmọníjẹ̀ ló kan àwọn orí idẹ tí gbogbo ayé ń sọ. Ó ní ní 1994, olè wọ mùsíọ́mù yìí kan náà. Nípa ìjà Ifẹ̀ àti Mọdákẹ́kẹ́ tó tún bẹ̀rẹ̀ ní 1997 lórí ibùjókòó ìjọba ìbílẹ̀ tí àwọn ológun dá sílẹ̀, ọdún rẹ̀ nìkan ló sọ, ó dákẹ́, a ń lọ. Ọmọ ẹlẹ́rọ agbóhùnsókè fi í ṣe àwàdà nínú bọ́ọ̀sì.

Kí n má ṣojúsàájú

Bàbá ní àléébù. Ó máa ń pa fóònù. Kò ní rìsíìtì. Tó bá kan ìgbà tí Babangida fòfin de ASUU, ẹgbẹ́ àwọn olùkọ́ yunifásítì, ní 1988 àti 1992, ẹ wá ibi jókòó sí, torí kò ní tètè tán, gbogbo owó oṣù tí wọn kò san fún un ló máa kà fún yín ní oókan-oókan. Ìrìn àpapọ̀ ń lọ ní wákàtí tí wọ́n bá dá, wọ́n ń fi àtẹ̀jíṣẹ́ ránṣẹ́, wọ́n mọ ibi tí ilé ìgbọ̀nsẹ̀ tó mọ́ wà. Ẹni tó ń kó ogójì ọmọ iléèwé bọ̀, kó gba ti wọn. Ẹni tí kò ní ju ọjọ́ kan lọ, tó kàn fẹ́ ya fọ́tò Mọrèmi kó sì padà sí Èkó kó tó ṣú, kó gba ti wọn náà.

Tẹ́ ẹ bá fẹ́ mọ ohun tó ṣẹlẹ̀, ẹ mọ ibi tẹ́ ẹ máa lọ.

Èyíkéyìí tẹ́ ẹ bá fẹ́ gbà, ẹ pe afinimọ̀nà gan-an kẹ́ ẹ tó sanwó, kì í ṣe ẹni tó ń gba owó. Ẹ bi í ní ìbéèrè méjì: ta ló yí orúkọ yunifásítì padà, lọ́dún wo? Ta ni ààrẹ ní 1981? Tó bá ní kẹ́ ẹ sanwó ná, òun ó ṣàlàyé tẹ́ ẹ bá dé, ẹ pa fóònù.

Ti Bàbá, alẹ́ Ọjọ́bọ̀ ló máa ń gbé ìpè. Ẹ mú agbòòrùn dání, ẹ má lò ó nídìí ilé Humanities.