Touristanbul: ìrìn-àjò ọ̀fẹ́ fún ẹni tó ń dúró de bàálù kejì ní Istanbul

Ẹni tó bá wọ Turkish Airlines láti Èkó tàbí Àbújá lọ sí London, Manchester tàbí Houston, Istanbul ni yóò ti pààrọ̀ bàálù. Ìgbà mìíràn wà tí ìdúró náà ń gba wákàtí 8, ìgbà mìíràn 12, orí àga pápákọ̀ òfurufú sì ni ọ̀pọ̀ ènìyàn ń sùn sí títí ilẹ̀ fi máa ṣú. Bẹ́ẹ̀ iléeṣẹ́ náà ní ètò kan tó ń jẹ́ Touristanbul. Wọ́n á kó èrò tó ń dúró de bàálù kejì sínú bọ́ọ̀sì, wọ́n á fún wọn ní amọ̀nà tó gbọ́ Gẹ̀ẹ́sì, wọ́n á bọ́ wọn, wọ́n á san owó ìwọlé síbi tí ètò ọjọ́ náà bá ní kí wọ́n wọ̀, wọ́n á sì dá wọn padà láìgba kọ́bọ̀.

Ó dára. Ó dára ju bí nǹkan ọ̀fẹ́ ṣe máa ń rí lọ. Ohun tó ń bà á jẹ́ fún àwọn ènìyàn wa kì í sábà jẹ́ ẹ̀bi Istanbul. Ilé ló ti ń bàjẹ́, kí wọ́n tó di ẹrù: físà tí wọn ò gbà, àti wákàtí tí wọ́n ṣì kà.

Ohun tí wọ́n ń béèrè fún ètò náà fúnra rẹ̀ kò le. Kí bàálù tó gbé yín wá àti èyí tó máa gbé yín lọ jẹ́ ti Turkish Airlines, kí ẹ máa ti orílẹ̀-èdè kan bọ̀ lọ sí òmíràn, kí ìdúró yín tó wákàtí 6, kó má sì kọjá 24. Ẹni tó ń ti Istanbul lọ sí Ankara tàbí Antalya kò sí nínú rẹ̀, torí inú Tọ́kì náà ló ń lọ.

Ọ̀rọ̀ físà ló wá ṣáájú. Ẹni tó kàn fẹ́ pààrọ̀ bàálù kì í dé ọ̀dọ̀ ìmígíréṣọ̀n. Ẹni tó fẹ́ wọ bọ́ọ̀sì Touristanbul gbọ́dọ̀ gba ọ̀dọ̀ wọn kọjá bí àlejò tó wá sí Tọ́kì gan-an, ìwé ìrìnnà Nàìjíríà kò sì lè gbé e kọjá láìsí físà. Ìwé ìrìnnà Brítéènì kò nílò físà láti oṣù kẹta ọdún 2020, ti Amẹ́ríkà kò sì nílò rẹ̀ mọ́ láti oṣù kìíní ọdún 2024. Ohun tí ẹni tó mú ti Brítéènì gbọ́dọ̀ yẹ̀ wò ni pé kí ìwé náà ṣì ní ọjọ́ 150 lára, bẹ̀rẹ̀ láti ọjọ́ tó bá dé.

Fún ẹni tó mú ìwé Nàìjíríà, tó sì ní físà Schengen, ti Amẹ́ríkà, ti Brítéènì tàbí ti Ireland tí kò tíì kú, tàbí ìwé ìgbélùú wọn, físà orí íntánẹ́ẹ̀tì ní evisa.gov.tr ló yá jù. Nǹkan mẹ́ta ló ń gbé ènìyàn ṣubú níbẹ̀. Àwọn ayédèrú ojú-ewé wà tó jọ ti ìjọba, tí wọ́n ń fi owó lé owó. Adírẹ́sì tí kò bá parí sí gov.tr, ẹ sá fún un. Lẹ́yìn ìyẹn, ẹ̀ẹ̀kan ṣoṣo ni físà náà ń gbani wọlé. Ẹni tó bá lò ó nígbà tó ń lọ kò lè lò ó nígbà tó ń bọ̀, nítorí náà bí ìdúró gígùn bá wà ní àlọ àti àbọ̀, ẹ yan èyí tó bọ́ sí ojúmọmọ. Ẹ̀kẹta ló le jù. Ìwé tí ẹ máa fi ti físà náà lẹ́yìn gbọ́dọ̀ jẹ́ ohun tó ṣeé fọwọ́ bà: físà tí wọ́n lẹ̀ mọ́ inú ìwé ìrìnnà, tàbí káàdì ìgbélùú. Òfin ojú-ewé yẹn kò gba físà orí ẹ̀rọ gẹ́gẹ́ bí ìwé àtìlẹ́yìn, bẹ́ẹ̀ eVisa orí ẹ̀rọ ni Brítéènì fi rọ́pò BRP, káàdì ìgbélùú wọn. Ẹni tó jẹ́ pé eVisa nìkan ló kù lọ́wọ́ rẹ̀ ní láti lọ gba físà lọ́dọ̀ aṣojú ìjọba Tọ́kì. Ní tòótọ́, owó àti wàhálà ìyẹn pọ̀ ju ìrìn wákàtí mẹ́ta lọ. Bí ọ̀ràn yín bá rí báyìí, ẹ fi owó náà gba yàrá ní YOTELAIR, hótẹ́ẹ̀lì inú pápákọ̀ náà, ó wà ní ìhà tí ẹ ò ti ní í kọjá ìmígíréṣọ̀n, kí ẹ sùn dáadáa.

Wákàtí ló kàn. Wákàtí 6 orí tíkẹ́ẹ̀tì kì í ṣe wákàtí 6. Ká ní bàálù yín balẹ̀ ní agogo 6:00 àárọ̀, tí èyí tó kàn máa gbéra ní 1:30 ọ̀sán. Kí ìlẹ̀kùn bàálù tó ṣí, kí ẹ tó rìn dé ìmígíréṣọ̀n (ilé náà tóbi gan-an, ìrìn ogún ìṣẹ́jú kì í ṣe nǹkan bàbàrà níbẹ̀), kí ìlà tó kàn yín, ẹ yọ wákàtí kan àbọ̀ kúrò. Agogo 7:30 ti lù nìyẹn. Ètò àárọ̀ kúkúrú, irú èyí tó máa ń lọ láti 8:30 sí 11:00, á bá yín mu. Èyí tó ń parí ní agogo 3:00 ọ̀sán kò lè bá yín mu, kò sì sí ẹ̀bẹ̀ tó lè sọ ọ́ dà bẹ́ẹ̀. Àgbà gbogbo wọn ni ti 9:00 àárọ̀ sí 6:00 ìrọ̀lẹ́. Ẹni tí bàálù rẹ̀ bá di alẹ́, òun ni kó mú, torí nínú rẹ̀ lèèyàn ti ń ráyè mí, tó ń ráyè wo nǹkan lẹ́ẹ̀mejì. Wọ́n máa ń yí àkókò àwọn ètò wọ̀nyí padà, ẹ yẹ ojú-ewé Turkish Airlines wò ní ọ̀sẹ̀ tí ẹ máa gbéra.

Àbọ̀ ló ń jẹ àkókò ju àlọ lọ. Ìhà àríwá, lẹ́bàá Òkun Dúdú, ni pápákọ̀ náà wà, ó sì tó bíi kìlómítà 40 sí ìlú àtijọ́. Nígbà tí títì bá ṣófo, ìṣẹ́jú 45 ni. Láàárín agogo 5 sí 8 ìrọ̀lẹ́, ó lè di wákàtí kan àbọ̀. Bí ẹ bá sì dé, ẹ̀rọ ayẹrùwò kan wà lẹ́nu ọ̀nà ilé náà, ìlà ìmígíréṣọ̀n tẹ̀ lé e, ẹ̀rọ kejì tún wà lẹ́yìn rẹ̀, kí ẹ tó wá bẹ̀rẹ̀ ìrìn lọ sí géètì. Wákàtí 2 àbọ̀ ni kí ẹ fi sílẹ̀, ó kéré tán, láàárín ìgbà tí ètò parí àti ìgbà tí bàálù máa gbéra. Ẹ tún ṣọ́ agogo ọwọ́ yín: ti Tọ́kì fi wákàtí 2 ṣáájú ti Nàìjíríà yípo ọdún.

Ẹ̀yìn tí ẹ bá jáde sí gbọ̀ngàn àwọn tó ti òkè òkun dé ni káńtà náà wà. Ẹ wá ibi tí wọ́n kọ Touristanbul tàbí Hotel Desk sí. Ìwé ìrìnnà àti boarding pass méjèèjì, ti bàálù tó gbé yín wá àti ti èyí tó kàn, ni kí ẹ gbé síwájú wọn. Wọ́n á kọ orúkọ yín sílẹ̀, wọ́n á sì sọ àkókò tí ẹ máa padà wá. Ẹ wà níbẹ̀ ní ọgbọ̀n ìṣẹ́jú ṣáájú. Ẹsẹ̀ gìrìgìrì nílé ańjọ̀fẹ́: ní ìgbà ooru wọn, láti oṣù kẹfà sí ìkẹjọ, ààyè máa ń kún, ẹni tó bá kọ́kọ́ lọ ra kọfí lè bá a pé ó ti tán. Ẹ má dúró de ẹrù ńlá yín, bí wọ́n bá ti fi ránṣẹ́ tààrà dé ibi tí ẹ ń lọ. Ẹrù ọwọ́ tó bá wúwo, ibi ìkóhunpamọ́ tí wọ́n kọ Emanet sí wà, owó ni wọ́n ń gbà. Wi-Fi ọ̀fẹ́ pápákọ̀ náà, wákàtí kan ni. Ẹ ó fi ìwé ìrìnnà yín han ẹ̀rọ kan kó tó fún yín ní nọ́ńbà tí ẹ máa fi wọlé.

Aṣọ òtútù kì í ṣe ohun tí à ń tì sínú ẹrù ńlá. Láti oṣù Kejìlá sí oṣù Kejì, òjò àti atẹ́gùn Istanbul ń wọ eegun, yìnyín sì máa ń bọ́ nígbà mìíràn, ẹrù yín á sì wà níbi tí ọwọ́ yín kò ti lè tó o. Kí àwọn obìnrin mú ìborùn dání, kí ọkùnrin má wọ ṣòkòtò péńpé, kí gbogbo yín wọ ìbọ̀sẹ̀ tó mọ́, torí bàtà bíbọ́ wà nínú mọ́ṣáláṣí.

Ìlú àtijọ́, Sultanahmet, ni ọ̀pọ̀ nínú àwọn ètò náà ń lọ, ó sì yẹ bẹ́ẹ̀, torí gbogbo nǹkan wà lẹ́gbẹ̀ẹ́ ara wọn. Pápá ìsáré-ẹṣin àwọn ará Róòmù ni wọ́n máa ń kọ́kọ́ kó yín dé. Òpó òkúta tó wà láàárín rẹ̀, ilẹ̀ Íjíbítì ni wọ́n ti gbẹ́ ẹ fún Fáráò Thutmose Kẹta. Theodosius, ọba Róòmù, ló gbé e nà ró síbẹ̀ ní ọdún 390. Ẹ sún mọ́ ọn, ẹ wo bí àwòrán ara rẹ̀ ṣe mú, bí ẹni pé àná ni wọ́n gbẹ́ ẹ. Mọ́ṣáláṣí Aláwọ̀ Búlúù, tí wọ́n bẹ̀rẹ̀ ní 1609, wà lẹ́gbẹ̀ẹ́ rẹ̀ pẹ̀lú mínárẹ́ẹ̀tì mẹ́fà. Ọ̀fẹ́ ni fún gbogbo ènìyàn, ṣùgbọ́n wọ́n ń ti ilẹ̀kùn mọ́ àlejò nígbà ìrun, ti ọjọ́ Jímọ̀ ló sì ń gùn jù, títí di ọ̀sán. Hagia Sophia dojú kọ ọ́: ṣọ́ọ̀ṣì tí Justinian, ọba Róòmù, parí ní 537, tó di mọ́ṣáláṣí ní 1453, tó di ilé àkójọ ohun ìṣẹ̀ǹbáyé láyé Atatürk, ààrẹ àkọ́kọ́ Tọ́kì, tó tún padà di mọ́ṣáláṣí ní 2020. Láti ọdún 2024, àlejò ń san yúrò 25 láti gun òkè ilé náà. Ẹni tó fẹ́ kírun ń gba ẹnu ọ̀nà mìíràn wọ ìsàlẹ̀ láìsanwó. Ẹ bi amọ̀nà ní kété tí bọ́ọ̀sì bá gbéra bóyá ètò ọjọ́ náà wọ inú rẹ̀ tàbí ìta lásán ni. Ètò kúkúrú, ìta ló sábà ń mọ sí.

Bí wọ́n bá fún yín láyè láti yan ibi kan, ẹ yan ibi ìpamọ́ omi àtijọ́ abẹ́ ilẹ̀ tí wọ́n ń pè ní Yerebatan. Òpó 336 ló gbé òrùlé rẹ̀ dúró nínú omi, orí méjì tí wọ́n gbẹ́ ní àwòrán Medusa, obìnrin onírun ejò inú ìtàn àwọn Gíríìkì, sì wà lábẹ́ òpó ní ìpẹ̀kun, ọ̀kan dorí kodò, èkejì fi ẹ̀gbẹ́ lélẹ̀. Ilẹ̀ rẹ̀ tutù, ó sì ń yọ̀. Bàtà gíga kò dára níbẹ̀.

Ohun kan wà tí amọ̀nà kò ní í sọ fún yín, tó sì yẹ kí Yorùbá mọ̀. Ní etí pápá ìsáré-ẹṣin yẹn, orísun omi kan wà tí ọba Jámánì, Wilhelm Kejì, fi ta Sultan Abdulhamid Kejì, ọba Tọ́kì nígbà náà, lọ́rẹ. Ọdún 1901 ni wọ́n ṣí i. Ẹ gbé orí sókè lábẹ́ rẹ̀, àmì orúkọ Sultan náà wà níbẹ̀. Abdulhamid yìí kan náà ló rán Abdullah Quilliam, òyìnbó tó di Mùsùlùmí, láti Liverpool wá sí Èkó ní 1894, nígbà tí wọ́n ṣí mọ́ṣáláṣí Mohammed Shitta ní Martins Street. Oyè Bey tó fi ránṣẹ́ ló sọ baba náà di Shitta-Bey, ìdílé rẹ̀ sì ń jẹ́ ẹ títí dòní. Sàréè Sultan náà wà ní òpópónà Divanyolu, nínú ilé ìsìnkú bàbá rẹ̀ àgbà, Mahmud Kejì, ìrìn bíi ìṣẹ́jú 7 láti ibi orísun omi yẹn, lẹ́bàá ojú irin tíráàmù, bí ẹ bá ń lọ sí Çemberlitaş. Nínú ètò ọlọ́jọ́-kan, ẹ lè fi àkókò ìsinmi yín dé ibẹ̀, bí ẹ bá ti sọ fún amọ̀nà ibi tí ẹ ń lọ. Nínú ètò kúkúrú, ẹ má dán an wò, bọ́ọ̀sì kì í dúró de ẹni kan.

Oúnjẹ wọn pọ̀ tó, kò sì lẹ́bi: ọbẹ̀ ẹ̀wà lẹ́ńtì, ẹran yíyan, ìrẹsì, sàláàdì. Kò sí ata bíi tiwa.

Ọjọ́ ọ̀sẹ̀ tún ń ba ètò jẹ́. Ààfin Topkapı kì í ṣí lọ́jọ́ Ìṣẹ́gun, ààfin Dolmabahçe kì í ṣí lọ́jọ́ Ajé, ọjà ńlá abẹ́ òrùlé kì í ná lọ́jọ́ Àìkú. Ẹni tó jẹ́ torí ọjà ló ṣe ń jáde, tí bàálù rẹ̀ sì balẹ̀ lọ́jọ́ Àìkú, kó mọ̀ ṣáájú.

Bí ètò wọn kò bá bá wákàtí yín mu, tí físà sì wà lọ́wọ́, ẹ lè dá lọ, bí ìdúró yín bá tó wákàtí 9. Ẹ ra Istanbulkart, káàdì tí wọ́n fi ń san owó ọkọ̀, lára ẹ̀rọ ní pápákọ̀, ẹ wọ ọkọ̀ ojú irin M11 dé Gayrettepe, bíi ọgbọ̀n ìṣẹ́jú. Ẹ rìn gba ihò abẹ́ ilẹ̀ bọ́ sí M2, ẹ sọ̀ ní Vezneciler, ẹ wá gba tíráàmù T1 láti Laleli dé Sultanahmet. Gbogbo rẹ̀ tó wákàtí kan àti ìṣẹ́jú mẹ́ẹ̀ẹ́dógún, sún kẹrẹ fà kẹrẹ ojú títì kò sì kàn án, ìyẹn ni mo fi fẹ́ràn rẹ̀ ju takisí lọ. M11 kì í ṣiṣẹ́ láàárín ọ̀gànjọ́ òru sí agogo 6 àárọ̀. Ẹni tó bá balẹ̀ lásìkò yẹn, bọ́ọ̀sì Havaist ni kó wọ̀.