Ẹ ṣọ́ra o! “N95” olókùn etí tí wọ́n ń tà káàkiri yìí, ayédèrú ni

Ẹ̀yin tí ẹ ń ra ìbòmú ní páálí-páálí, pàápàá ẹ̀yin tí iṣẹ́ yín jẹ mọ́ eruku, ẹ jọ̀ọ́, ẹ fara balẹ̀ ka èyí kí ẹ tó sanwó. Wọ́n ti lù mí ní jìbìtì. Páálí mẹ́wàá ni mo rà lọ́wọ́ òǹtajà kan tó ń polówó lórí íntánẹ́ẹ̀tì. Ogún ìbòmú ló wà nínú páálí kọ̀ọ̀kan, wọ́n kọ “N95”, ìyẹn orúkọ irú ìbòmú tó ń dí eruku kéékèèké lọ́wọ́, gàdàgbà sí gbogbo wọn lára, kò sì sí ẹyọ kan nínú igba yẹn tó jẹ́ N95. Owó tó lọ dùn mí, ṣùgbọ́n òun kọ́ ló dùn mí jù. Àwọn ọmọ iṣẹ́ mi mẹ́ta ló fi í bo imú fún odidi ọ̀sẹ̀ méjì, tí wọ́n ń fi sáńpépà ha pákó láti àárọ̀ dalẹ́, tí ọkàn wọn sì balẹ̀ nítorí pé ọ̀gá wọn ló gbé e lé wọn lọ́wọ́.

Iṣẹ́ gbẹ́nàgbẹ́nà ni mò ń ṣe. Ẹni tí kò bá sí nídìí iṣẹ́ yìí lè rò pé eruku pákó kò ju ohun tí èèyàn máa fi omi ṣan kúrò lára lọ. Àjọ IARC, ẹ̀ka Àjọ Ìlera Àgbáyé tó ń ṣèwádìí àrùn jẹjẹrẹ, ti kà á mọ́ àwọn ohun tó dájú pé wọ́n ń fa jẹjẹrẹ sára ènìyàn, ti inú imú ló sì ń fà jù. Nítorí náà, mi ò kì í fi ọ̀rọ̀ ìbòmú ṣeré.

Ọ̀kan nínú àwọn ọmọ náà ló là mí lójú. Ó bọ́ ìbòmú rẹ̀ nírọ̀lẹ́ ọjọ́ kan, ó fun imú sínú áńkáṣífù funfun, ohun tó jáde pọ́n bí osùn. Pákó pupa la ti ń ha láti àárọ̀. Mo ní kó sún mọ́ iná kí n wo ojú rẹ̀. Àgbọ̀n rẹ̀ tí ìbòmú bò mọ́ lóòótọ́, àmọ́ ìlà eruku méjì wà lẹ́gbẹ̀ẹ́ imú rẹ̀ lọ́tùn-ún lósì, ó gùn dé abẹ́ ojú, bí ipa omijé ẹni tó sunkún nínú eruku. Ibẹ̀ ni afẹ́fẹ́ ń gbà wọlé. Kò tilẹ̀ gba inú aṣọ ìbòmú yẹn kọjá rárá, ẹ̀gbẹ́ ló ń gbà.

Mo mú sísọ́ọ̀sì, mo la ọ̀kan nínú wọn. N95 gidi kan ṣẹ́ kù sí mi lọ́wọ́ nínú èyí tí mo rà tẹ́lẹ̀, mo la òun náà, mo tẹ́ méjèèjì sórí tábìlì. Nínú ti gidi, aṣọ kan wà láàárín tí kò jọ ti òde àti ti inú: ó funfun, ó rọ̀, ó kì, ó dà bí òwú tí wọ́n tẹ̀ pẹlẹbẹ. Mo já béébà wẹ́wẹ́, mo gbé aṣọ àárín yẹn sún mọ́ ọn, béébà náà sì fò mọ́ ọn lára. Nínú ti ayédèrú, ìpele mẹ́ta ló wà lóòótọ́, ṣùgbọ́n irú kan náà ni mẹ́tẹ̀ẹ̀ta, aṣọ fẹ́lẹ́fẹ́lẹ́ tí wọ́n fi ń rán báàgì tí a ń gbé lọ sọ́jà. Mo nà án síwájú iná, mo rí òjìji ìka mi nínú rẹ̀ kedere. Béébà kò tilẹ̀ mira.

Ìyàtọ̀ tó wà nínú aṣọ àárín yẹn ni gbogbo ọ̀rọ̀ ìbòmú dá lé, ibẹ̀ sì ni oníjìbìtì ti ń rí wa mú nítorí pé a kì í là á wò. Ọ̀pọ̀ wa rò pé bí asẹ́ ni ìbòmú ṣe ń ṣiṣẹ́, pé ihò rẹ̀ kéré ju eruku lọ. Kò rí bẹ́ẹ̀. Eruku tó ń pani lára jù kéré gan-an, ó lè rìn kọjá láàárín fọ́nrán aṣọ láìfara kan nǹkan kan. Eruku tó tóbi díẹ̀ kì í lè yà nígbà tí afẹ́fẹ́ bá yà, ó máa ń kọlu fọ́nrán, ibẹ̀ ló máa dúró sí. Èyí tó kéré jọjọ máa ń ta gìrì síhìn-ín sọ́hùn-ún nínú afẹ́fẹ́ bí ẹni tó mutí yó, kò sì ní pẹ́ forí sọ fọ́nrán. Èyí tó wà láàárín, nǹkan bí 0.3 máíkírónù (ẹgbẹ̀rún máíkírónù ló wà nínú mìlímítà kan), ló nira jù láti mú. Ká fi wé fọ́nrán irun orí tó nípọn tó nǹkan bí 70 máíkírónù, irun yẹn ju eruku náà lọ ní ìgbà tó lé ní 200. Láti mú irú èyí, aṣọ àárín gbọ́dọ̀ ní agbára iná tí ń fa nǹkan mọ́ra, irú èyí tó máa ń wà lára òòyà tí a bá fi ya irun gbígbẹ. Ọ̀rá tí wọ́n yọ́ tí wọ́n sì fẹ́ di fọ́nrán wẹ́wẹ́ ni wọ́n fi ń ṣe é, meltblown ni àwọn tó ń ṣe é ń pè é. Òun ni oníjìbìtì máa ń yọ kúrò, nítorí òun ló nira jù láti ṣe, òun náà sì ni ojú kì í rí.

Ohun tí “95” túmọ̀ sí ni pé NIOSH, àjọ ìjọba Amẹ́ríkà tó ń bójú tó ààbò ìlera òṣìṣẹ́, ti fẹ́ eruku iyọ̀ tí ìwọ̀n rẹ̀ tó nǹkan bí 0.3 máíkírónù sí ìbòmú náà, pẹ̀lú afẹ́fẹ́ líta 85 ní ìṣẹ́jú kọ̀ọ̀kan, ìbòmú náà sì mú ó kéré tán 95 nínú 100. Èyí tó nira jù ni wọ́n fi dán an wò, ẹ kíyè sí i. N100 gbọ́dọ̀ mú 99.97 nínú 100. Ní Yúróòpù, FFP1 jẹ́ 80, FFP2 jẹ́ 94, FFP3 jẹ́ 99. KN95 ti Ṣáínà jẹ́ 95, KF94 ti Kòríà jẹ́ 94.

Wàyí o, ẹ gbọ́ bí ọ̀gbẹ́ni yìí ṣe mú mi. Kí n tó sanwó, mo béèrè ìwé ẹ̀rí. Ó fi ránṣẹ́ kíá, ó ní, “Ẹ̀gbọ́n, ẹ fọkàn balẹ̀, ojúlówó ni.” Wọ́n kọ “BFE 98%” sórí ìwé náà. Mo rí 98, mo ní a dúpẹ́, ó tilẹ̀ ju 95 lọ. Mi ò mọ̀ pé ìdánwò tí wọ́n ń ṣe fún ìbòmú àwọn oníṣẹ́ abẹ nìyẹn, pé ìkán omi tó ní kòkòrò bakitéríà nínú, tó tóbi tó nǹkan bí 3 máíkírónù, ni wọ́n fi ń ṣe é. Ó tóbi ju eruku tí NIOSH ń lò lọ ní ìlọ́po mẹ́wàá. Wọn kì í sì í wò ó nínú ìdánwò yẹn bóyá ìbòmú náà lẹ̀ mọ́ ojú tàbí kò lẹ̀. Ìbòmú oníṣẹ́ abẹ dára fún ohun tí wọ́n ṣe é fún, ó ń dí itọ́ àti ìkán omi lọ́wọ́, ṣùgbọ́n ẹ̀gbẹ́ rẹ̀ ṣí sílẹ̀. Ẹni tó bá fi BFE hàn yín nígbà tí ẹ ní N95 lẹ fẹ́ ra, bóyá kò mọ ohun tó ń tà, bóyá ó mọ̀ dáadáa. Èyí tó bá wù kó jẹ́, ẹ má rà á lọ́wọ́ rẹ̀.

Ìwé kejì tó fi ránṣẹ́ ní àmì FDA, àjọ ìjọba Amẹ́ríkà tó ń bójú tó oúnjẹ, oògùn àti ohun èlò ìṣègùn, lókè, idì wà lórí rẹ̀, òǹtẹ̀ aláwọ̀ góòlù náà wà níbẹ̀. FDA kì í fún ẹnikẹ́ni ní irú ìwé bẹ́ẹ̀. Kí ilé iṣẹ́ forúkọ sílẹ̀ lọ́dọ̀ wọn kò túmọ̀ sí pé wọ́n ti yẹ ọjà rẹ̀ wò.

Lẹ́yìn náà ló wá fi fídíò ránṣẹ́. Ó wọ ìbòmú náà, ó fẹ́ àbẹ́là, iná kò kú. Ó bu omi sínú rẹ̀, omi kò jò. Mo jẹ́wọ́ pé fídíò yẹn ló wọ̀ mí lára jù. Ẹ má gbà á gbọ́ láé. Aṣọ báàgì tí mo sọ lẹ́ẹ̀kan yẹn náà kì í jẹ́ kí omi kọjá, ọ̀rá ṣáà ni. Ti àbẹ́là, ńṣe ló ń fi hàn pé atẹ́gùn ẹnu kò jáde tààrà, kò sọ ohunkóhun nípa eruku tó ń wọlé. Ó tún ní mo lè fọ̀ ọ́ ní ìgbà ogún. Bó bá jẹ́ N95 gidi ni, ọṣẹ àti ọtí líle ìpakòkòrò á pa agbára iná inú aṣọ àárín, yóò wá ku aṣọ lásán. Ọ̀rọ̀ “ẹ lè fọ̀ ọ́” yẹn nìkan ti tó kí n sá.

Okùn rẹ̀ náà ti tó kí n sá, bí mo bá mọ̀. Okùn méjì ló wà lára N95 tí NIOSH fọwọ́ sí, ọ̀kan máa ń gba òkè orí, ìkejì máa ń gba ẹ̀yìn ọrùn lábẹ́ etí. Kì í ṣe okùn etí. Okùn etí kì í fà á tó láti lẹ̀ mọ́ ojú, ìdí nìyẹn tí ìlà eruku méjì fi wà lójú ọmọ iṣẹ́ mi. KN95 àti KF94 máa ń ní okùn etí, ìyẹn kì í ṣe ẹ̀ṣẹ̀ wọn, ṣùgbọ́n NIOSH kì í fọwọ́ sí KN95. Bí ẹ bá rí “KN95” àti “NIOSH” lára ìbòmú kan náà, irọ́ ni. Bí wọ́n bá ní N95 ọmọdé tí NIOSH fọwọ́ sí ni, irọ́ ni. Wọn kì í fọwọ́ sí ti ọmọdé.

Nọ́ńbà wà lára tèmi o. N95 gbọ́dọ̀ ní orúkọ ilé iṣẹ́, orúkọ NIOSH tí wọn kò ṣì kọ, àti nọ́ńbà tó bẹ̀rẹ̀ pẹ̀lú TC-84A lára ìbòmú fúnra rẹ̀, kì í ṣe lára páálí nìkan. Tèmi ní gbogbo rẹ̀. Ìgbà tó ti bọ́ sórí ni mo tó wá lọ wo àkójọ tí NIOSH gbé sórí íntánẹ́ẹ̀tì, tí ẹnikẹ́ni lè wò lọ́fẹ̀ẹ́. Nọ́ńbà náà wà níbẹ̀, ṣùgbọ́n ti ilé iṣẹ́ mìíràn pátápátá ni, àwòrán tiwọn sì ní okùn orí. Wọ́n jí nọ́ńbà ẹlòmíràn lẹ̀ mọ́ ti wọn. Nítorí náà, kò tó kí nọ́ńbà wà, ẹ wò ó bóyá orúkọ tó wà níwájú nọ́ńbà náà ló wà lára èyí tó wà lọ́wọ́ yín. Ti FFP2 àti FFP3, ẹ wá nọ́ńbà mẹ́rin lẹ́yìn CE, àmì tó ń sọ pé ọjà bá òfin Yúróòpù mu, kí ẹ sì fi wo àkójọ NANDO ti Àjọ Ìṣọ̀kan Yúróòpù, ó máa sọ àjọ àyẹ̀wò tó ni nọ́ńbà yẹn fún yín. CE tí kò ní nọ́ńbà lẹ́yìn kò tó fún irú ìbòmú yìí.

Ẹ má rò pé èmi nìkan ni ojú mi fọ́. NIOSH yẹ àwọn KN95 kan wò ní ọdún 2020 àti 2021, nǹkan bí 60 nínú 100 wọn ni kò kúnjú ìwọ̀n tí wọ́n pè é. Ní oṣù kejì ọdún 2021, àwọn òṣìṣẹ́ ìjọba Amẹ́ríkà gba ayédèrú N95 tó lé ní mílíọ̀nù mẹ́wàá, tí wọ́n fi orúkọ ilé iṣẹ́ 3M bò lára, àwọn ilé ìwòsàn sì wà lára àwọn tó rà á. Bí wọ́n bá lè mú ilé ìwòsàn, wọ́n lè mú ẹnikẹ́ni.

Ẹ tún jẹ́ kí n fi èyí kún un fún ẹ̀yin oníṣẹ́ ọwọ́ ẹlẹgbẹ́ mi: N95 gidi pàápàá kì í dí òórùn kíkùn àti tínà lọ́wọ́, eruku ló wà fún. Irùngbọ̀n náà máa ń ba iṣẹ́ rẹ̀ jẹ́, nítorí pé etí ìbòmú kò ní lè lẹ̀ mọ́ awọ. Mo ti fá tèmi.

Tí ẹ bá fẹ́ rà, ẹ ní kí òǹtajà ya àwòrán iwájú ìbòmú ọ̀hún fún yín ní ìmọ́lẹ̀ ọ̀sán, kì í ṣe àwòrán páálí. Ẹni tó bá ń yí i, tó ń sọ pé ọjà ti fẹ́ tán, ẹ jẹ́ kó tán. Ẹ ra páálí kan ṣoṣo ná, kí ẹ fi sísọ́ọ̀sì la ọ̀kan. Bí aṣọ àárín kò bá yàtọ̀ sí èyí tó yí i ká, ẹ dá a padà lọ́jọ́ yẹn gan-an. Ìyẹn kò ní sọ fún yín pé ó pé 95, ṣùgbọ́n ó máa sọ fún yín bí wọ́n bá ti yọ aṣọ àárín gidi kúrò.

Nígbà tí mo kọ̀wé sí ọ̀gbẹ́ni náà pẹ̀lú àwòrán èyí tí mo là, ó ní èmi ni mi ò mọ̀ ọ́n lò. Ní ọjọ́ kejì, ó ti tì mí mọ́ta. Mo ti fi ẹjọ́ sun ilé iṣẹ́ tí mo gbà sanwó, wọ́n ní kí n fi àwòrán aṣọ àárín àti nọ́ńbà tó jí ránṣẹ́, mo ti fi ránṣẹ́. Mo tọ́jú páálí kan pa mọ́ fún ẹ̀rí, mo gé okùn gbogbo ìyókù kí ẹnikẹ́ni má bàa kó wọn nínú ààtàn lọ tà. Ó ti yí orúkọ padà báyìí, àwòrán páálí náà sì ti yàtọ̀, ṣùgbọ́n fídíò kan náà ló ṣì ń lò: tábìlì funfun, àbẹ́là pupa, ọwọ́ kan tó ní òrùka méjì tó ń bu omi sínú ìbòmú láti inú ife onígíláàsì. Ẹni tó bá fi fídíò yẹn ránṣẹ́ sí yín, òun náà ni.