Brace ìbọn ìléwọ́ tí mo rà ní Houston: apá mi gbà á, òfin ló dà mí láàmú

Ọdún 2022 ni mo ra brace yìí, ohun tí wọ́n ń so mọ́ ẹ̀yìn ìbọn ìléwọ́ kó lè gbára lé apá. Ó ná mi ní dọ́là 130. Ọrùn ọwọ́ ọ̀tún mi ti dá rí níbi iṣẹ́. Wọ́n tò ó, ó jinná, ṣùgbọ́n kò padà sí bó ṣe wà tẹ́lẹ̀. Ìbọn ìléwọ́ mi kì í sì í ṣe èyí tí wọ́n ń ki bọ ìbàdí: irú AR ni, tó jọ ìbọn gígùn tàwọn sójà, ọ̀pá rẹ̀ jẹ́ ìǹṣì 10.5, ó sì wúwo tó ọmọ tí wọ́n ṣẹ̀ṣẹ̀ bí. Tí mo bá nà án fún ìṣẹ́jú kan péré, ẹnu rẹ̀ á ti bẹ̀rẹ̀ sí í wo ilẹ̀.

Ọdẹ ni bàbá mi, ṣakabùlà ló mọ̀. Nígbà tí mo fi fọ́tò brace náà ránṣẹ́ sí wọn, wọ́n ní, “Ìdí ìbọn rèé, àbí bàtà?” Bàbá ò jayò pa. Lójú ẹni tí kò mọ̀ ọ́n, ìdí ìbọn ni, ṣùgbọ́n rọ́bà ni, ẹ̀yìn rẹ̀ là sí méjì. Apá lẹ máa ki bọ àárín rẹ̀, kẹ́ ẹ wá fi okùn dè é. Alex Bosco tó ṣe àkọ́kọ́ rẹ̀ ní 2012, nítorí ológun-fẹ̀yìntì kan tó jẹ́ aláàbọ̀ ara ló ṣe ronú kàn án.

Ọjọ́ tí mo kọ́kọ́ gbé e lọ síbi ìdánrawò, ọta márùn-ún àkọ́kọ́ wọ inú bébà níbi tí mo fojú sí. Ẹnu yà mí. Gbogbo ìwúwo tó máa ń já lé ọrùn ọwọ́ ti pín sórí apá títí dé ìgúnpá. Apá mi ò ro mí nígbà tí mo délé, ohun tí kò ṣẹlẹ̀ rí nìyẹn. Ṣùgbọ́n okùn yẹn! Irú tó ń lẹ̀ mọ́ra wọn ni, ó sì ń fa irun apá tu bí ẹni ń tu ìyẹ́ adìyẹ. Ẹ wọ aṣọ alápá gígùn, ẹ̀ẹ́ gbà mí gbọ́, àmọ́ nínú oòrùn Houston lóṣù Keje, ìyà mìíràn nìyẹn. Lẹ́yìn bí ọta 300, ìdè rẹ̀ dẹ̀, ó ń mì. Ọ̀sẹ̀ mẹ́fà ni ilé iṣẹ́ tó ṣe é fi ń dá mi lóhùn kí wọ́n tó fi ìdè tuntun ránṣẹ́. N kò ní dárúkọ wọn.

Ìyẹn kéré. Òfin ni wàhálà ibẹ̀. Lábẹ́ òfin 1934, ìbọn gígùn tí wọ́n ń fi ti èjìká, tí ọ̀pá rẹ̀ kò tó ìǹṣì 16 (ìbọn gígùn kúkúrú ni wọ́n ń pè é), ẹ gbọ́dọ̀ forúkọ rẹ̀ sílẹ̀ lọ́dọ̀ ìjọba àpapọ̀. Ẹ̀wọ̀n tó lè tó ọdún mẹ́wàá ló wà fún ẹni tí kò ṣe bẹ́ẹ̀. Brace kì í ṣe ìdí ìbọn, ATF, àjọ ìjọba àpapọ̀ tó ń bójú tó ọ̀rọ̀ ìbọn, ló sọ bẹ́ẹ̀ ní 2012. Ní 2015, àjọ kan náà ní tẹ́ ẹ bá ti gbé e ti èjìká, ẹ ti sọ ìbọn náà di ìbọn gígùn kúkúrú. Ní 2017, wọ́n tún fà á sẹ́yìn. Lóṣù Kìíní 2023 ni wọ́n wá gbé ìlànà jáde tó sọ ọ̀pọ̀ jù lọ ìbọn oníbrace di ìbọn gígùn kúkúrú, wọ́n sì fún wa dìgbà tó máa fi di ọjọ́ 31 oṣù Karùn-ún láti forúkọ rẹ̀ sílẹ̀ tàbí ká ṣàtúnṣe rẹ̀.

Oorun dá lójú mi. Ọ̀rẹ́ mi kan ní ṣọ́ọ̀ṣì forúkọ tiẹ̀ sílẹ̀. Ní báyìí, tó bá fẹ́ gbé e kọjá sí Louisiana, ó gbọ́dọ̀ kọ́kọ́ gbàṣẹ lọ́wọ́ ATF. Èmi ra ọ̀pá ìǹṣì 16 àtàwọn ohun tó bá a rìn, dọ́là 400, ìlọ́po mẹ́ta owó brace. Lóṣù Kẹfà 2024, Adájọ́ Reed O’Connor ní Fort Worth fagi lé ìlànà náà pátápátá, nígbà tó sì di 2025, ìjọba jáwọ́ nínú ẹjọ́ kò-tẹ́-mi-lọ́rùn. Mo dá ọ̀pá kúkúrú mi padà. Ohun tó jẹ́ kó ṣeé ṣe ni pé ìbọn ìléwọ́ ló ti jẹ́ látìbẹ̀rẹ̀. Tó bá jẹ́ ìbọn gígùn lẹ rà, ẹ má gé e kúrú o.

Ìlànà ni kóòtù pa, òfin 1934 wà láàyè. Ẹnì kan níbi iṣẹ́ wa ti rò pé ohun gbogbo ti dìrọ̀rùn, ó fẹ́ de ọwọ́ olóòró, ìyẹn ọwọ́ tó dúró ṣánṣán nísàlẹ̀ ọ̀pá, mọ́ iwájú ìbọn ìléwọ́ tiẹ̀. Tí gígùn ìbọn ìléwọ́ ò bá tó ìǹṣì 26, ìyẹn náà gba ìforúkọsílẹ̀. California, New York àti New Jersey sì ní òfin tiwọn lórí irú ìbọn yìí. Ìdájọ́ Fort Worth ò yí ìyẹn padà. Tẹ́ ẹ bá fẹ́ kó lọ síbẹ̀, ẹ bi lọ́yà.

Láti ọjọ́ kìíní oṣù Kìíní 2026, owó orí dọ́là 200 tí wọ́n ń gbà fún ìforúkọsílẹ̀ ìbọn gígùn kúkúrú ti di òdo. Ẹ ṣì máa kọ fọ́ọ̀mù, ẹ máa tẹ̀ka, ẹ máa fi fọ́tò sí i, kẹ́ ẹ sì dúró dìgbà tí wọ́n bá fọwọ́ sí i kẹ́ ẹ tó so ohunkóhun pọ̀. Tí apá yín bá dá ṣáṣá, tó jẹ́ èjìká lẹ kàn ń wá, mo rò pé ọ̀nà yẹn ló mọ́ jù, kẹ́ ẹ fi ìdí ìbọn gidi sí i. Ní tèmi, apá mi ló nílò rẹ̀.

Okùn àkọ́kọ́ ti gbó. Mo ti ra òmíràn ní dọ́là 12, ó ṣì ń fa irun tu. Ẹ̀dà ìdájọ́ Fort Worth tí mo tẹ̀ jáde wà nínú àpótí ìbọn, lábẹ́ ọ̀pá ìǹṣì 16 tí mi ò lò mọ́.