Ìwé ìrántí Philip Hone: ẹ̀dà wo ni kí ẹ mú, ibo ni kí ẹ ti bẹ̀rẹ̀?

Ẹni tó bá ra ìwé ìrántí ojoojúmọ́ Philip Hone nítorí pé ó fẹ́ mọ bí mẹ́yọ̀ New York ṣe ń darí ìlú, ohun tó ń wá kọ́ ló rà yẹn. Ọdún 1826 ni ìgbìmọ̀ ìlú fi Hone jẹ mẹ́yọ̀, nítorí aráàlú kò tíì máa dìbò yan mẹ́yọ̀ fúnra wọn títí di 1834. Ọdún kan péré ló lò. Àkọsílẹ̀ yìí wá bẹ̀rẹ̀ ní 1828. Oníṣòwò tó ti kúrò lórí àga ni ẹ ó bá pàdé, àmọ́ ojú rẹ̀ kò kúrò lára ìlú rárá. Lójú tèmi, adùn ìwé náà nìyẹn.

Ẹ fi èyí sọ́kàn kí ẹ tó ṣí i, torí ìwé náà kò ní bá yín sọ ọ́ létòlétò: ọmọ gbẹ́nàgbẹ́nà tó wá láti Jámánì ni, 1780 ni wọ́n bí i. Ọmọ ọdún 17 ni nígbà tó dara pọ̀ mọ́ ẹ̀gbọ́n rẹ̀ nídìí títa ọjà ní gbàǹjo. Nígbà tó fi di 1821, ó ti lówó débi pé ó fi òwò sílẹ̀.

Ìdì ìwé 28 ló fi ọwọ́ kọ kó tó kú ní 1851. Bayard Tuckerman tẹ apá méjì jáde ní 1889, Allan Nevins náà tẹ apá méjì ní 1927. Èyí tí wọ́n yọ kúrò pọ̀ ju èyí tí wọ́n fi sílẹ̀ lọ. Ti Tuckerman wà lọ́fẹ̀ẹ́ lórí íntánẹ́ẹ̀tì, ṣùgbọ́n ẹ máa wo àwòrán ojú ìwé fúnra rẹ̀: níbi tí kọ̀ǹpútà bá ti ka ọ̀rọ̀ náà jáde, 3 lè di 8, Hone sì fẹ́ràn láti máa kọ iye owó sílẹ̀.

Ẹ má bẹ̀rẹ̀ láti ojú ìwé kìíní. Ẹ lọ tààrà sí iná alẹ́ ọjọ́ 16 oṣù Kejìlá 1835. Òtútù mú débi pé omi dì sínú ọ̀pá tí àwọn panápaná fi ń fọ́n omi. Ẹ̀tù ni wọ́n fi wó ilé kí iná má bàa ráyè kọjá. Àwọn oníṣòwò kó ẹrù sá lọ sí Merchants' Exchange, ilé tí wọ́n ti ń pàdé dúnàádúrà, iná bá wọn débẹ̀, ó sì wó ère Alexander Hamilton, ọ̀kan lára àwọn tó dá orílẹ̀-èdè Amẹ́ríkà sílẹ̀, tó wà nínú rẹ̀. Ilé 674 ló lọ, ọ̀pọ̀ ilé-iṣẹ́ adójútòfò sì kógbá sílé. Lẹ́yìn ìyẹn, ní 1836, Hone ta ilé rẹ̀ tó kọjú sí gbọ̀ngàn ìlú ní 60,000 dọ́là, ilé tó rà ní 25,000 ní 1821! Ẹ ka ìyẹn mọ́ oṣù Karùn-ún 1837, nígbà tí àwọn báńkì kò san wúrà àti fàdákà mọ́, tí òun náà sì pàdánù púpọ̀ nínú ọrọ̀ rẹ̀. Kò sí ibòmíràn nínú ìwé náà tó lágbára tó ọdún méjì yìí.

Ó ní àléébù tó wúwo. Ohun tó ń sọ nípa àwọn Irish tálákà burú, kò sì yẹ ká bò ó. Ọmọ ẹgbẹ́ Whig ni, ẹgbẹ́ òṣèlú tó tako Ààrẹ Andrew Jackson, nítorí náà ẹ má fi ẹnu rẹ̀ nìkan dá Jackson lẹ́jọ́. Orúkọ àwọn tó bá a jẹun pọ̀ yamùrá láìsí àlàyé. Ẹ lè fo ìyẹn.

Àmọ́ ẹ má fo oṣù Kẹwàá 1842, nígbà tí ìlú tí iná ti jó ṣe àjọyọ̀ omi tí wọ́n fà wá láti odò Croton.